Ọlọ́run Ń La Ọ̀nà, Ta Ni Yóò Rìn Ín?

 

Láti ìgbà tí a ti gbé orin Way Maker sáfẹ́fẹ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá, lẹ́tà kò dáwọ́ dúró. Ẹnì kan bínú pé ti Leeland, ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì láti Texas, la gbé, a ò gbé ti Sinach tó ni orin. Òmíràn ní irú gìtá yẹn kì í ṣe ìjọsìn. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń jà nítorí gìtá, ẹ rọra. Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ ju gìtá lọ.

Lẹ́tà ìyá kan láti Ìbà l'Ékòó ni mi ò lè gbé tì. Àkàrà ló ń dín ní Ìyànà-Ìbà, aago mẹ́rin ìdájí ló sì ń jí lọ lọ ẹ̀wà. Ọmọ rẹ̀ ọkùnrin ti jáde yunifásítì tipẹ́, inú ilé ló wà. Orin yìí ló ń ké lórí fóònù rẹ̀ látàárọ̀ ṣúlẹ̀. Bí ìyá bá ní kó wá bá òun gbé abọ́ ẹ̀wà, á na ìka kan sókè, á ní, “Màmá, mò ń bá Ọlọ́run sọ̀rọ̀.” Àbúrò ìyá rẹ̀ tó ń ta sólà lọ́jà Alábà ní kó wá kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ òun, ó kọ̀. Ó ní ọ̀nà Kánádà ni Ọlọ́run fẹ́ là fóun, orin náà sì ti fìdí ẹ̀ múlẹ̀.

Háà! Ibo lorin náà ti dárúkọ Kánádà? Àwọn àgbà ní ọ̀nà kan ò wọjà. Ìwọ ọmọ yìí, ta ló fún ọ láṣẹ láti máa yan ọ̀nà fún Ọlọ́run?

Ohun tí orin yẹn ń sọ ò ṣòroó yé. Ó ń yin Ọlọ́run pé ó ń la ọ̀nà, ó ń mú ìlérí ṣẹ, ó sì wà lẹ́nu iṣẹ́ kódà nígbà tí ojú wa ò rí i. Ọlọ́run ni orin náà ní ó wà lẹ́nu iṣẹ́ o, kò ní kí ìwọ lọ sùn. Nínú Bíbélì, nígbà tí Òkun Pupa pínyà, ẹsẹ̀ làwọn ọmọ Ísírẹ́lì fi rìn ín kọjá, tọmọdé tàgbà, tẹrùtẹrù. Ta ni Mósè gbé pọ̀n nínú wọn?

Ẹ wo Sinach fúnra rẹ̀. Ó kàwé gboyè nínú físíìsì ní Yunifásítì Port Harcourt, ó sì ti ń ṣáájú orin ní ṣọ́ọ̀ṣì Christ Embassy tipẹ́ kí àwo rẹ̀ àkọ́kọ́ tó jáde ní 2008. Ìparí ọdún 2015 ló gbé Way Maker jáde. Kò jókòó ti orin kan ṣoṣo yẹn, ó ń kọ òmíràn lọ. Àfi bí Leeland ṣe tún Way Maker kọ ní 2019, tí olórin Michael W. Smith náà tún un kọ tẹ̀ lé e. Kòrónà dé ní 2020, ó ti ṣọ́ọ̀ṣì pa, orin náà wọ inú ilé onílé káàkiri ayé. Lọ́dún yẹn náà ló gba ẹ̀bùn Dove l'Amẹ́ríkà gẹ́gẹ́ bí orin tó ta yọ jù lọ́dún. Ta ló lè rò ó pé ọwọ́ àwọn onírọ́ọ̀kì ará Texas ni yóò gbà débẹ̀? Mo tún un sọ: ọ̀nà kan ò wọjà.

Ẹ tún wo ọkùnrin kan tí mo mọ̀ l'Alábà, tó ń ta kásẹ́ẹ̀tì orin ìyìn tẹ́lẹ̀. Kásẹ́ẹ̀tì kú, ó bọ́ sídìí CD. CD kú, ó ń bá èèyàn kó orin sínú mẹ́mórì káàdì. Sólà ló ń tà báyìí. Bó ṣe ń kọrin nígbà yẹn náà ló ṣì ń kọ ọ́.

Àbí ẹ̀yin ará Okokomaiko, rélùwéè Blue Line tó yẹ kó dé ọ̀dọ̀ yín, láti oṣù kẹsàn-án 2023 tó ti ń kérò láti Marina, ṣebí Mile 2 ló ń já èrò sí? Ṣé ẹ wá ń sùn sí Mile 2 ni? Dáńfó lẹ ń wọ̀, ẹ sì ń délé.

Màmá, ó ku tiyín. Ta ló ń ra dátà fún un? Owó àkàrà yín ló ń ké lórí fóònù yẹn! Ẹ má gba fóònù lọ́wọ́ rẹ̀, ẹ má sì bú orin Ọlọ́run. Ẹ kàn dáwọ́ owó dátà dúró, kẹ́ ẹ tún bá àbúrò yín sọ̀rọ̀ kó fún un ní àyè kan sí i.

Ìwọ ọmọ, lọ́jọ́ Mọ́ńdè, Alábà ni kóo gbà lọ. Bí Kánádà bá jẹ́ tìrẹ lóòótọ́, ẹni tó mọ sólà í so kò ní gbé ọwọ́ òfo débẹ̀. Bí kò bá sì jẹ́ tìrẹ, wàá ti níṣẹ́ lọ́wọ́.