Ẹ Bu Omi Wọ́n Ìgbẹ́ Adìyẹ Kí Ẹ Tó Kó O
Ọ̀rọ̀ tí a bá àwọn ọmọ ẹgbẹ́ sọ ní Ire-Akari, Ìsọlọ̀

 

Àwọn kan nínú wa fi owó ẹ̀yáwó bẹ̀rẹ̀ ọ̀sìn adìyẹ. Àwọn mìíràn ní ilé ìkẹ́rù tí àdán ti gba àjà rẹ̀. Àrùn kan wà tí a lè kó ní irú ibẹ̀. Histoplasmosis ni àwọn dókítà ń pè é. Ohun tí ó ń fà á jẹ́ ẹbí èyí tí ń mú kí búrẹ́dì bu. Inú ilẹ̀ ni ó ń gbé, ìgbẹ́ ẹyẹ àti ti àdán sì ni ajílẹ̀ rẹ̀. Bí a bá gbá ibẹ̀ ní gbígbẹ, hóró rẹ̀ tí ojú kò lè rí yóò bá eruku gbéra, a ó sì mí i sínú ẹ̀dọ̀fóró. Adìyẹ fúnra rẹ̀ kò ní àrùn náà, aláìsàn kì í sì í fi ikọ́ ràn ẹlòmíràn.

Ẹ má ṣe rò pé àrùn òkèèrè ni. Ní 1964, Cockshott àti Lucas kọ̀wé nípa àwọn aláìsàn tí a rí ní Ìbàdàn. Ní 1994, àwọn onímọ̀ kéde pé àwọn rí i nínú ilẹ̀ tí ìgbẹ́ àdán dàpọ̀ mọ́ ní ihò àpáta Ogbunike, ní Ìpínlẹ̀ Anambra.

Ohun tí ó burú nínú rẹ̀ ni pé ó jọ ikọ́ ẹ̀gbẹ: ikọ́, ibà, òógùn òru, rírù. Òògùn ikọ́ ẹ̀gbẹ kò sì ràn án. Ẹni tí ara rẹ̀ kò lágbára mọ́, pàápàá ẹni tí ó ní kòkòrò HIV, ni ó léwu fún jù. Bí ẹnikẹ́ni bá ń lo òògùn ikọ́ ẹ̀gbẹ tí kò sàn, kí ó má ṣe dá a dúró fúnra rẹ̀. Kí ó padà sọ́dọ̀ dókítà, kí ó sì sọ fún un pé òun ń sin adìyẹ, tàbí pé òun kó ìgbẹ́ àdán. Òògùn rẹ̀ wà: itraconazole ni, oṣù púpọ̀ ni a sì ń lò ó. Bí ó bá ti wọ̀ ọ́ lára, amphotericin B ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀.

Kí ẹ tó gbá ilé adìyẹ tàbí àjà, ẹ bu omi wọ́n ọn kí ó rin dáadáa. Ẹ lo ìbòmú tí ó lè sé eruku, irú N95. Aṣọ lásán kò tó. Ẹ lé àwọn ọmọdé kúrò níbẹ̀, kí ẹ sì fọ aṣọ iṣẹ́ lọ́tọ̀. Ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan lè fi owó àpapọ̀ ra ìbòmú fún àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tí ń sin adìyẹ.

Ẹ̀yáwó ṣeé san díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀mí kò ṣeé yá.