Kọ̀ǹpútà Tí Kì Í Sùn

Àwọn ọ̀gá ní owó kọ̀ǹpútà ló gbé àfikún owó oṣù wa lọ. A ní kí wọ́n gbé ìwé owó rẹ̀ wá, a sì ti yẹ̀ ẹ́ wò.

Kọ̀ǹpútà ọ̀hún, èyí tí wọ́n ń pè ní cloud, ilé iṣẹ́ wa háyà rẹ̀ ni lókè òkun, irú òwò tí Amazon ti ń ṣe láti 2006. Wákàtí ni wọ́n fi ń ka owó rẹ̀, ní dọ́là. Láti oṣù June 2023 tí náírà ti já wálẹ̀, ẹ̀yin náà mọ ìyókù.

Wákàtí 168 ló wà nínú ọ̀sẹ̀ kan. Àwọn akọ̀wé tí ń fi ẹ̀rọ náà ṣírò owó ń lò ó fún wákàtí 50. Wákàtí 118 ló fi ń ṣiṣẹ́ lásán! Ẹ̀yin awakọ̀, ta ni nínú yín tí yóò fi mọ́tò sílẹ̀ láìpa á, kó máa mu epo ní gáréèjì láti alẹ́ Jímọ̀ títí di òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé? Kúẹ́rì yóò ti dé kó tó jí.

A gbà pé èyí tí àwọn oníbàárà ń lò tọ̀sán tòru kò ṣeé pa. Bí a tilẹ̀ pa ẹ̀rọ, owó ibi tí a kó àkọsílẹ̀ sí kì í dúró. Ṣùgbọ́n kí wọ́n máa pa ti ìṣírò owó lálẹ́. Ìwé owó oṣù tí ń bọ̀ ni a fẹ́ rí kí a tó tún jókòó pẹ̀lú wọn.