Ọkùnrin Tí A Kò Rí Ojú Rẹ̀

Nígbà tí akọni inú sinimá bá já bọ́ láti orí ẹṣin tí ń sáré, àwa a máa pàtẹ́wọ́ fún un. Ṣùgbọ́n lọ́pọ̀ ìgbà ẹlòmíràn ni ó já bọ́. A ti fi aṣọ àti fìlà akọni wọ ẹni náà, a sì ya àwòrán rẹ̀ láti ẹ̀yìn, kí ojú rẹ̀ má baà hàn. Bí eegun bá ṣẹ́, tirẹ̀ ni. Bí ìyìn bá dé, ti akọni ni. Ọ̀kan nínú irú àwọn bẹ́ẹ̀ ni Ben Johnson ará Amẹ́ríkà, ẹni tí a fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ fún yín.

Ní ọdún 1918 ni a bí i ní Foraker, ní ìpínlẹ̀ Oklahoma, ilẹ̀ màlúù àti ẹṣin. Iṣẹ́ darandaran tí baba rẹ̀ ń ṣe ni òun náà kọ́, dọ́là kan sì ni owó ọ̀yà rẹ̀ lóòjọ́. Ní nǹkan bí ọdún 1940, Howard Hughes, ọlọ́rọ̀ tí ń ṣe sinimá, ra ẹṣin, Johnson sì bá wọn lọ sí Hollywood. 300 dọ́là ni owó àkọ́kọ́ tí ó gbà níbẹ̀. Ẹni tí ó bá mọ ìṣirò kì yóò béèrè ìdí tí kò fi padà sílé.

Ó ń tọ́jú ẹṣin, ó sì ń gùn wọ́n dípò àwọn òṣèré ńlá. Nígbà tí a ń ṣe Fort Apache, tí ó jáde ní 1948, Henry Fonda ni ó ń dúró fún. Lọ́jọ́ kan àwọn ẹṣin tí ń fa kẹ̀kẹ́ ta gìrì, wọ́n sì gbé ọkùnrin mẹ́ta tí ó wà nínú rẹ̀ sá lọ. Èyí kì í ṣe eré mọ́. Johnson lé wọn bá, ó sì dá wọn dúró. John Ford, olùdarí sinimá náà, ṣèlérí èrè fún un. Iṣẹ́ kékeré mìíràn ni Johnson ń retí. Ìwé àdéhùn ọdún méje ni ó rí gbà. A ròyìn pé nígbà tí ó kà á dé ibi tí a kọ 5,000 dọ́là lọ́sẹ̀ sí, kò kà á síwájú mọ́, ó mú kálàmù, ó sì fọwọ́ sí i.

Láti ìgbà náà ni ojú rẹ̀ ti ń hàn. Nínú Rio Grande, ní 1950, òun fúnra rẹ̀ ni ó dúró lórí ẹṣin méjì tí ń sáré, ẹsẹ̀ kan lórí ọ̀kan, ẹsẹ̀ kejì lórí èkejì. Bí ọ̀kan nínú wọn bá dẹ ìrìn, ilẹ̀ ni ó kù.

Síbẹ̀ ó fi sinimá sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, ó lọ bá wọn díje nínú fífi okùn mú màlúù, ó sì di aṣáájú gbogbo ayé nínú rẹ̀ ní 1953. Agbára káká ni owó fi kù lọ́wọ́ rẹ̀ nígbà tí ó délé. Àwọn kan lè pè é ní òmùgọ̀. Àwa kò pè é bẹ́ẹ̀, nítorí pé nínú ìdíje náà kò dúró fún ẹnikẹ́ni, bẹ́ẹ̀ ni ẹnikẹ́ni kò dúró fún un. Òun tìkára rẹ̀ sọ pé kò sí ohun tí òun ṣe tí ó dùn mọ́ òun jù ú lọ.

Nígbà tí Peter Bogdanovich pè é sí The Last Picture Show, ó kọ̀: ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ pọ̀ jù, èérí sì wà nínú rẹ̀. Ford bá a sọ̀rọ̀, a sì gbà fún un kí ó mú ọ̀rọ̀ èérí kúrò nínú tirẹ̀. Ó ṣe àgbàlagbà kan tí ó jókòó létí omi, tí ń sọ ti obìnrin tí ó fẹ́ràn nígbà kan rí. Kò gun ẹṣin níbẹ̀, kò já bọ́. Ojú rẹ̀ nìkan ni a ń wò. Nítorí iṣẹ́ yìí ni a fi ẹ̀bùn Oscar fún un ní 1972.

Ó kú ní Arizona ní 1996, a sì gbé e padà sí Oklahoma, a sin ín ní Pawhuska.