Kí Ẹjọ́ Ilẹ̀ Ẹbí Má Falẹ̀ Mọ́



Láti Lẹ́kì dé Ajah, bí ẹjọ́ pípín ilẹ̀ ẹbí bá falẹ̀, a kò lè fi ìpín wa kọ́lé, a kò sì lè fi dúró yá owó. L'Ékòó, Mabinuori kú ní 1874. Ní 1908 ni kóòtù dá ẹjọ́ àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ lórí ilé ẹbí.

Kí lọ́yà wa kọ̀wé sí adájọ́ pé kí ó tètè gbọ́ ẹjọ́ wa, kí òun náà má sì máa tọrọ ọjọ́ mìíràn. Láti 2002 ni Lagos Multi-Door Courthouse ti ń bá ni làjà; àdéhùn tí adájọ́ bá fọwọ́ sí níbẹ̀ di ìdájọ́.

Àwọn àgbà tó mọ ààlà ń lọ. Ẹ má jẹ́ kí a fi ẹjọ́ ṣe ogún fún ọmọ.