Ta Ni Ó Ni Eré? Ọ̀rọ̀ Lórí Fíìmù D-dag ti Ilẹ̀ Dẹ́nímáàkì

Ọwọ́ kan kò gbé ẹrù dórí. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni eré rí: òṣèré ń ṣe é, òǹwòran ń wò ó, bí ọ̀kan kò bá sí, eré kò sí. Ṣùgbọ́n títí dé ibo ni òǹwòran lè bá wọn lọ́wọ́ sí iṣẹ́ náà? Ìbéèrè yìí ni olùdarí eré mẹ́rin ní ilẹ̀ Dẹ́nímáàkì gbé yẹ̀ wò nígbà tí ọdún 1999 ń kógbá sílé: Lars von Trier, Thomas Vinterberg, Søren Kragh-Jacobsen àti Kristian Levring. Àwọn yìí náà ni ẹgbẹ́ Dogme 95, tí ó fi òfin mẹ́wàá de ara rẹ̀ kí ẹ̀tàn ẹ̀rọ má baà bo ìtàn mọ́lẹ̀.

Ìtàn D-dag kò lọ́jú pọ̀. Ènìyàn mẹ́rin fẹ́ fọ́ báńkì kan ní Copenhagen. Wọ́n fẹ́ kí ariwo báńgà ọdún tuntun bo ìró ohun abúgbàmù tiwọn. Olùdarí kọ̀ọ̀kan mú ẹ̀dá-ìtàn kan. Ní òru ọjọ́ náà, àwọn òṣèré jáde sí ìgboro láàárín àwọn tí ń ṣọdún ní tiwọn. Àwọn olùdarí jókòó síbì kan, wọ́n ń bá wọn sọ̀rọ̀ láti inú ẹ̀rọ kékeré tí ó wà ní etí wọn. Púpọ̀ nínú ohun tí òṣèré sọ, orí ara rẹ̀ ni ó ti mú un wá lójú ẹsẹ̀. Bí ẹnì kan bá ṣìṣe, kò sí àyè àtúnṣe, nítorí pé ọ̀gànjọ́ òru náà kò tún ní padà wá.

Ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2000, àwọn ìkànnì tẹlifíṣọ̀n gbé e jáde lákòókò kan náà. Ẹ̀dá-ìtàn kọ̀ọ̀kan ní ìkànnì tirẹ̀. Òǹwòran tí ó mú rìmóòtù lọ́wọ́ ni yóò pinnu ẹni tí yóò tẹ̀lé àti ìgbà tí yóò fi í sílẹ̀. Báyìí ni iṣẹ́ ẹni tí ń gé fíìmù, tí ń so ó pọ̀, ṣe di ti onílé nínú yàrá rẹ̀.

Ibí ni àríyànjiyàn wà. Bí ọmọdé bá ní aṣọ tó àgbà, kò lè ní àkísà tó àgbà. Ẹni tí ń gé fíìmù ti wo gbogbo àwòrán tán kí ó tó yàn; òǹwòran D-dag kò mọ ohun tí ó ń pàdánù ní ìkànnì kejì. Ẹ̀wẹ̀, yíyàn rẹ̀ kò yí ìtàn padà, nítorí pé wọ́n ti ya fíìmù náà tán. Ojú tí yóò fi wò ó ni ó yàn, kì í ṣe ohun tí yóò ṣẹlẹ̀. Òṣèré tí ó wà ní ìgboro lóru ni ó lè yí i padà, nítorí pé ohun tí ó bá ṣe lè kan àwọn mẹ́ta yòókù.

Síbẹ̀, iṣẹ́ náà kò já sí asán. Ó fi han gbogbo ẹni tí ó wò ó pé kò sí ìtàn tí a rí tán, àti pé nínú fíìmù yòówù tí a bá ń wò, ẹnìkan ti bá wa yàn kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ìbéèrè tí ó kù fún ìjíròrò ni èyí: ṣé ẹni tí a fún ní àǹfààní láti yan ojú ìwòran ti di alábàáṣe, àbí òǹwòran náà ni ó ṣì jẹ́?