Owó Inú Agbada Gaàrí

Ẹ̀yin ìyá tí ẹ wà nídìí agbada bí ẹ ti ń gbọ́ ohùn wa yìí, ẹ kú iná, ẹ kú èéfín. Ẹ̀yin gan-an ni ọ̀rọ̀ òní kàn.

Bí a bá bi ènìyàn léèrè pé kí ni ń mú owó wọ ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀, yóò dáhùn pé òwú ni. Kò purọ́. Òwú ni ohun ọ̀gbìn tí ilẹ̀ wa ń tà jù sí òkè òkun. Wọ́n ń wọn òwú, wọ́n ń kọ iye kílò rẹ̀ sínú ìwé, àgbẹ̀ sì ń mú ìwé tirẹ̀ dání lọ sílé. Gaàrí ńkọ́? Ta ni ń wọ̀n ọ́n? Ta ni ń kọ ọ́ sílẹ̀? Owó òwú ń dé lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, ọwọ́ bàbá ni ó sì sábà máa ń bọ́ sí. Owó gaàrí ń dé ní ọrọọrún, ní ọjọ́ ọjà, ọwọ́ ìyá ni ó ń bọ́ sí. Owó yẹn ni ń ra iyọ̀, ọṣẹ, oògùn ibà àti kayé ọmọ iléèwé. Bí wọn kò bá yan gaàrí fún ọ̀sẹ̀ méjì péré ní abúlé kan, kò sí ilé tí kò ní mọ̀ ọ́n lára.

Ẹ jẹ́ ká wo ibi tí owó náà ti ń wá. Ẹ̀gẹ́, tí àwọn mìíràn ń pè ní gbágùúdá tàbí pákí, pọ̀ ní ilẹ̀ wa. Èyí tí a ń wà ní Bẹ̀nẹ̀ lápapọ̀ lọ́dún kan lé ní mílíọ̀nù 3 tọ́ọ̀nù. Ṣùgbọ́n ẹ̀gẹ́ tútù kò ní sùúrù. Bí a bá wà á lónìí, kó tó di ọjọ́ kẹta inú rẹ̀ ti ń dúdú. Ó tún wúwo, nítorí nínú kílò 100 ẹ̀gẹ́, omi inú rẹ̀ tó kílò 60 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ta ni yóò fi kámíọ́ ru omi láti Kétu lọ sí Kútọnù? Iṣẹ́ ọwọ́ àwọn obìnrin ni ó ń sọ ẹrù tí ń jẹrà yìí di ohun tí a lè fi sínú àpò fún oṣù púpọ̀ láìbàjẹ́. Nítorí náà, owó tí ará ìlú ńlá ń san lórí gaàrí, kì í ṣe orí ẹ̀gẹ́ nìkan ni ó ń san án. Ó ń san án lórí bíbó, fífọ̀, rírin, fífún, sísẹ́ àti yíyan.

Ẹ sì wo iye ènìyàn tí ń jẹun lára agbada kan ṣoṣo. Àgbẹ̀ tó gbin ẹ̀gẹ́ ń jẹ níbẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n wà á ń jẹ níbẹ̀. Àwọn obìnrin tó wá bó o, ẹlòmíràn gba owó, ẹlòmíràn gba oúnjẹ, ẹlòmíràn ru èèpo lọ fún ewúrẹ́ rẹ̀. Ẹni tó ní ẹ̀rọ tí ń rin ẹ̀gẹ́ gba tirẹ̀. Alágbẹ̀dẹ tó lu irin ẹ̀rọ náà, tó sì ṣe ohun tí a fi ń fún omi rẹ̀, ti gba tirẹ̀ ṣáájú. Onígi ìdáná, aránṣọ tó rán àpò, ọlọ́kadà zẹmijáǹ, awakọ̀, alábàárù, títí dé orí ìyá tó jókòó ní ọjà Wàndó ní Àjàṣẹ́ tí ń fi agolo wọ̀n ọ́n fún àwọn aláràáàdúgbò. Kọ̀múùnù náà kò gbẹ́yìn, ó ń gba owó ọjà. Omi funfun tó sun jáde lára àpò pàápàá kì í ṣòfò lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣe: ohun tó bá sìlẹ̀ ní ìsàlẹ̀ rẹ̀ ni a fi ń ṣe tapióka.

Iṣẹ́ yìí kì í ṣe iṣẹ́ àná. Àwọn Potogí ni wọ́n kó ẹ̀gẹ́ dé etí òkun Áfíríkà láti Bùràsíìlì. Nígbà tó di ọ̀rúndún 19, àwọn ọmọ wa tí wọ́n ti kó lẹ́rú lọ bẹ̀rẹ̀ sí í padà bọ̀ láti Bàhíà, wọ́n ń gbé Àjàṣẹ́, Uidà àti Àgúé. Àwọn ni a ń pè ní Àgùdà. Wọ́n ti mọ bí a ti ń rin ẹ̀gẹ́ tí a sì ń yan án lórí iná lọ́hùn-ún, wọ́n sì jẹ́ kí ọgbọ́n náà tàn kálẹ̀ níhìn-ín. Ẹ̀yin tí ẹ ń jẹ pirọ́n pẹ̀lú ẹran ní Àjàṣẹ́, ẹ mọ̀ pé wọ́n ṣì ń jẹ ẹ̀yà rẹ̀ ní Bùràsíìlì títí di òní, orúkọ rẹ̀ kò sì jìnnà sí ti wa.

Gaàrí ti gba ilẹ̀ yìí lọ́wọ́ ebi ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Ní ọjọ́ 11 oṣù kìíní ọdún 1994, wọ́n dín iye owó sẹ́fà kù sí ìdajì. Fráǹkì Faransé kan tí a ń fi 50 rà di 100 lọ́jọ́ kan ṣoṣo. Ìrẹsì tó ń ti òkè òkun bọ̀ gbówó lórí. Gaàrí tí a ń yan lẹ́yìnkùlé wa kò ní ìdí láti dúró de ọkọ̀ ojú omi. Lẹ́yìn náà, ní oṣù kẹjọ ọdún 2019, ìjọba Nàìjíríà ti ẹnubodè orí ilẹ̀ rẹ̀ pa, kò sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí i títí di oṣù kejìlá ọdún 2020. Ẹni tó ní tòmátì àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó ń wò ó bí ó ti ń jẹrà. Ẹni tó ní gaàrí gbígbẹ lè so ẹnu àpò rẹ̀, kó dúró.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká bi ara wa: ìyá tó wà nídìí agbada, èló ni tirẹ̀ nínú gbogbo owó yìí?

Ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi kan wà tó ti ń yan gaàrí kí n tó mọ ìwé kà. Lọ́jọ́ kan ní ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn, ó ti ọjà dé, ó ti ta àpò mẹ́rin, inú rẹ̀ dùn. Mo ní: "Ìyàwó wa, ẹ kú ọjà o. Èló ni èrè?"

Ó rẹ́rìn-ín, ó tú ìdí aṣọ rẹ̀. Ó ní: "Ọkọ mi, ẹ wò ó lọ́wọ́ mi, 56,000 fráǹkì ni. Àbí ẹ ò rí i ni?"

Owó tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ ni ó ń pè ní èrè. A jókòó, a ṣa òkúta wẹ́wẹ́, a bẹ̀rẹ̀ sí í kà á. Ó ra ẹ̀gẹ́ lórí ìdúró nínú oko ní 30,000. Àwọn ọ̀dọ́ tó wà á gba 3,000. Àwọn tó rù ú dé ilé gba 4,000. Ẹlẹ́rọ gba 3,000. Mo bi í nípa igi, ó ní kò tó nǹkan, díẹ̀díẹ̀ ni òun ń rà á. A ro díẹ̀díẹ̀ náà pọ̀, ó di 5,000. Mo bi í nípa oúnjẹ àwọn tó bá a bó o. Ó ní: "Ṣé oúnjẹ náà ni ẹ fẹ́ kà? Ṣé mo lè ní kí wọ́n bá mi ṣiṣẹ́ kí n má fún wọn lóúnjẹ?" Mo ní rárá, ṣùgbọ́n kò hù lórí igi. A kọ 2,500 sí i. Àpò tí ó rà jẹ́ 1,200, owó ọkọ̀ dé ọjà 2,000, owó ọjà 300. A ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, ó di 51,000.

Nínú 56,000, a yọ 51,000 kúrò. Ó ku 5,000.

Òun àti àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ méjì ni wọ́n fi ọjọ́ mẹ́fà ṣe iṣẹ́ náà. Ènìyàn mẹ́ta lọ́nà ọjọ́ mẹ́fà, ọjọ́ iṣẹ́ 18 nìyẹn. Bí a bá pín 5,000 sí ọ̀nà 18, kò tó 280 fráǹkì fún ẹnì kọ̀ọ̀kan lóòjọ́. Ó wo àwọn òkúta náà títí, kò sọ̀rọ̀. Iye tí mo dá yìí, ti ọjọ́ yẹn ni o. Tiyín lè jù bẹ́ẹ̀, ó sì lè má tó bẹ́ẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kò parí síbẹ̀. Ẹ mọ bí àwọn oníṣòwò tó ń ti ìlú ńlá wá ti máa ń ra gaàrí. Wọn a mú àpò tiwọn wá, wọn a rán aṣọ àpò mìíràn mọ́ ẹnu rẹ̀, wọn a máa gbọ̀n ọ́n bí ẹ ti ń dà á, títí gaàrí yóò fi dé fìlà lé ẹnu àpò. Wọ́n ń pè é ní àpò kan. Ọ̀rọ̀ pé ó jẹ́ kílò 50 ni a ti ń gbọ́ láti ọjọ́ tó ti pẹ́. Nígbà tí ìyàwó wa tún yan òmíràn, tó sì ti dì í bí wọ́n ti máa ń dì í, mo ní ká gbé àpò kan lọ sórí òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń wọn òwú. Ó di kílò 56. A gbé àwọn mẹ́ta tó kù, kò sí èyí tó dín sí bẹ́ẹ̀.

Ẹ bá mi ṣe é. Àpò kan jẹ́ 14,000. Bí ó bá jẹ́ kílò 50, kílò kan jẹ́ 280 fráǹkì. Fìlà orí àpò kan jẹ́ kílò 6. Lórí àpò mẹ́rin, kílò 24. Kílò 24 lọ́nà 280 jẹ́ 6,720. Èrè rẹ̀ lórí gbogbo iṣẹ́ yẹn jẹ́ 5,000. Ohun tó fi ta oníṣòwò lọ́rẹ láìmọ̀ jẹ́ 6,720.

N kò sọ pé kí ẹ máa bá oníṣòwò jà. Òun náà ń san owó ọkọ̀, òjò lè pa ẹrù rẹ̀, ọkọ̀ lè bàjẹ́ lójú ọ̀nà fún ọjọ́ méjì. Ṣùgbọ́n ó ní ìwé kékeré kan nínú àpò rẹ̀, gbogbo ohun tó ná ló wà níbẹ̀. Ọ̀dọ̀ ẹni tó mọ iye tirẹ̀ ni ẹni tí kò mọ iye tirẹ̀ ti lọ ń ná ọjà.

Ìyàwó wa àti àwọn obìnrin márùn-ún mìíràn fohùn ṣọ̀kan pé kílò 50 ni àwọn yóò máa dì. Ní ọjọ́ ọjà àkọ́kọ́, àwọn oníṣòwò wo àpò náà, wọ́n lọ sí abúlé kejì. Gbogbo wọn ru ẹrù wọn padà sílé. Ní ọjọ́ ọjà kejì, méjì nínú wọn kò lè fara dà á mọ́, owó iléèwé ń lé wọn, wọ́n dé fìlà fún àpò wọn, wọ́n tà á. Ọ̀rọ̀ náà di ìjà díẹ̀ láàárín wọn. Ní ọjọ́ ọjà kẹta ni àwọn oníṣòwò tó padà wá, wọ́n fà á síhìn-ín, wọ́n fà á sọ́hùn-ún, ó wá dúró lórí kílò 52. Kì í ṣe 50. Ṣùgbọ́n kì í ṣe 56 mọ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n dá àjọ, tí wọ́n fi ra òṣùwọ̀n kan tí ń bẹ ní ilé ọ̀kan nínú wọn.

Ó ku ohun kan tí mo fẹ́ fi kún un. Nígbà tí ọjà bá le, ẹlòmíràn a fẹ́ yára. A fún ẹ̀gẹ́ ní òwúrọ̀, a yan án ní ìrọ̀lẹ́. Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀. Oró ń bẹ nínú ẹ̀gẹ́, pàápàá èyí tó korò. Rírin, ọjọ́ tó lò nínú àpò lábẹ́ òkúta, àti iná agbada ni wọ́n ń lé oró náà jáde. Ẹlòmíràn kì í sì í yan án gbẹ, kí ó lè wúwo. Gaàrí bẹ́ẹ̀ a hu funfun kí oṣù tó pé, orúkọ ìyá tó yan án a sì bàjẹ́ mọ́ ọn. Ìlànà oúnjẹ àgbáyé tí wọ́n ṣe fún gaàrí ní 1985 sọ pé omi tó wà nínú kílò 100 gaàrí kò gbọ́dọ̀ ju kílò 12 lọ. Kí ló dé tí gaàrí Sàfálú, èyí tí wọ́n ń pè ní sohuí, fi ń gbówó ju òmíràn lọ? Ó kúná, ó gbẹ, ó ń dún lẹ́nu. Ẹ̀gẹ́ kan náà ni, iná ni wọ́n fi sùúrù dá.

Ní kíláàsì ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, kí ìyá kọ̀ọ̀kan mú kayé kan àti bíìkì kan wá. A ó fa ìlà sí àárín ojú ìwé. Ní apá òsì a ó kọ owó tó jáde, ní apá ọ̀tún a ó kọ owó tó wọlé. Ẹni tí kò tíì lè kọ nọ́ńbà kò ní jókòó sílé nítorí ìyẹn. Yóò fa ìlà kan fún 1,000 kọ̀ọ̀kan, yóò sì fi àmì kékeré kan ṣe 500. Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tí ẹ bá ra ẹ̀gẹ́, ẹ má dúró di ọjọ́ ọjà. Ẹ má sì gbàgbé owó igi. Ó dàbọ̀ o.