Berkelium: Ohun tí Kì í Dúró De Ìwé

Lítíréṣọ̀ ni iṣẹ́ mi. Síbẹ̀, ìbéèrè kan ni àwọn ènìyàn ń bi èmi àti àwọn onísáyẹ́ǹsì: kí ni ohun tí ẹ ń wá kiri wúlò fún?

Mo fi berkelium ṣe àpẹẹrẹ. A kì í wa á nínú ilẹ̀ bí a ti ń wa wúrà. Ṣíṣe ni à ń ṣe é. Seaborg, Ghiorso àti Thompson ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe é ní Berkeley, ní Amẹ́ríkà, ní oṣù Kejìlá ọdún 1949. Orúkọ ìlú náà ni wọ́n sì fi pè é.

Ní Oak Ridge, ní ìpínlẹ̀ Tennessee, wọ́n fi curium àti americium sínú iná átọ́ọ̀mù fún 250 ọjọ́, wọ́n sì fi 90 ọjọ́ ṣa èyí tí wọ́n ń fẹ́ kúrò lára ìyókù. Ohun tí wọ́n rí ní ọdún 2009 jẹ́ mílígíráàmù 22: kò tó iyọ̀ tí à ń fi ìka méjì bù. Ó sì ń dín lójoojúmọ́. Ní nǹkan bí 330 ọjọ́, ìdajì rẹ̀ yóò ti di californium.

Wọ́n fi ọkọ̀ òfuurufú gbé e lọ sí Rọ́ṣíà. Ẹ̀ẹ̀mejì ni àwọn aṣọ́bodè kọ̀ ọ́ nítorí pé ìwé rẹ̀ kò pé. Ẹ̀ẹ̀márùn-ún ni ó fò kọjá lórí òkun Àtìláńtíìkì. Bí ìwé ti ń falẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ẹrù ń ṣá.

Ní Dubna, wọ́n fi calcium lù ú fún 150 ọjọ́. Berkelium ní prótọ́ọ̀nù 97, calcium ní 20. Àpapọ̀ wọn ni 117, èyí tí ẹnikẹ́ni kò ṣe rí. Átọ́ọ̀mù mẹ́fà péré ni èrè wọn. Tennessine ni a sọ ọ́ ní ọdún 2016. Lẹ́yìn irú ìwádìí báyìí, berkelium kò ní ìlò mìíràn.

Nígbà tí mo ń ṣe ìwádìí oyè ọ̀mọ̀wé, mo fẹ́ gba ohùn bàbá oníìjálá kan sílẹ̀. Oṣù mẹ́rin ni ìwé tí mo fi tọrọ ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ fi wà lórí tábìlì. Nígbà tí mo fi dé abúlé bàbá, ìrèmọ̀jé ni mo bá lẹ́nu àwọn ọdẹ.

Ẹ̀yin tí ẹ ń buwọ́ lùwé, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe dúró títí ẹ ó fi rí ìlò ìmọ̀ lórí àtẹ ọjà. Ohun tí ó ń ṣá kì í dúró de ẹnikẹ́ni.